Ìrírí mi nídìí ipa kékeré nínú fíìmù Yorùbá

Orúkọ méjì tàbí mẹ́ta ló máa ń tóbi lára pósítà fíìmù Yorùbá. Àwa yòókù la jẹ́ bàbá ìyàwó, olóyè inú ààfin, ìyá onílé, babaláwo, dókítà, ọlọ́pàá, àti ọ̀rẹ́ tó ń gbani nímọ̀ràn burúkú. Bí olú òṣèré bá ní ogójì síìnì, tiwa lè máà ju mẹ́ta sí mẹ́jọ lọ. Ẹni tó fẹ́ fi irú ipa bẹ́ẹ̀ jẹun títí ọjọ́ ogbó ni mo ń kọ èyí fún. Ẹni tó kàn fẹ́ gba ibẹ̀ kọjá lọ sórí pósítà, ìmọ̀ràn tirẹ̀ yàtọ̀.

Ohun tó yẹ kó kọ́kọ́ yé èèyàn ni pé ìtàn náà kì í ṣe tiwa. Ẹ wo síìnì ààfin. Ọba lè dé adé tó wúwo, kó máa ju irùkẹ̀rẹ̀, kó máa pàṣẹ. Bí àwọn ìjòyè tó wà níwájú rẹ̀ bá jókòó bí ẹni tó wá sí ìpàdé lándílọ́ọ̀dù, òǹwòran kankan kò ní bẹ̀rù ọba yẹn. Ara àwọn olóyè ni agbára ọba ti ń hàn: bí wọ́n ṣe ń ṣí fìlà, bí wọ́n ṣe ń wolẹ̀ kí wọ́n tó fèsì, bí ọ̀kan nínú wọn ṣe la ẹnu tó sì gbé ọ̀rọ̀ náà mì. Àwa ni wọ́n fi ń jọba. Bí ìyá ọkọ kò bá le lóòótọ́, ẹkún ìyàwó á di àṣejù. Bí dókítà bá ń sáré ka àbájáde àyẹ̀wò bí ẹni tó fẹ́ lọ jẹun, ikú tó wà nínú ìtàn kò ní ká ẹnikẹ́ni lára. Òṣèré tí èyí bá yé kò ní máa wá bí yóò ṣe já síìnì gbà mọ́ olú òṣèré lọ́wọ́, àwọn olùdarí á sì máa wá a, torí wọ́n mọ̀ pé bó bá wà níbẹ̀, iṣẹ́ ẹni tó ni fíìmù á dára sí i.

Orí ìtàgé ni àwọn tó kọ́kọ́ ṣe irú ipa yìí nínú fíìmù wa ti wá. Hubert Ògúǹdé dá ẹgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ ní 1945. Àjàní Ògún, tí ọ̀pọ̀ èèyàn kà sí fíìmù àkọ́kọ́ tí wọ́n ṣe lédè Yorùbá, kò jáde títí di 1976, nígbà tó sì di 1979 Ògúǹdé gbé Ayé tirẹ̀ jáde. Lérè Pàímọ́ ti ẹgbẹ́ Dúró Ládiípọ̀ wá. Kàrímù Adépọ̀jù tí gbogbo wa mọ̀ sí Bàbá Wándé ti ẹgbẹ́ Oyin Adéjọbí wá. Ogún ńlá ni wọ́n fi sílẹ̀ fún wa, pàápàá ní ti èdè. Ṣùgbọ́n ohùn tó ń dé ẹ̀yìn gbọ̀ngàn wà lára ogún náà, ohùn yìí gan-an ló sì ń fọ́ nínú máíkì. Nígbà ìdánrawò ni ẹni tó ń gba ohùn máa ń wọn bí ohùn yín ṣe ga tó. Bí ẹ bá fi ohùn jẹ́jẹ́ dánra wò, tí ẹ wá pariwo nígbà tí wọ́n bá ní “áṣọ̀n”, ìyẹn ẹ bẹ̀rẹ̀, ohùn náà á ya, kò sì sí ohun tí ẹnikẹ́ni lè fi tún un ṣe lẹ́yìn náà. Ohùn tí ẹ máa lò ni kí ẹ fi dánra wò. Bí ipa náà bá ní igbe nínú, kí ẹ sọ fún un ṣáájú.

WhatsApp ni ìwé eré máa ń gbà dé báyìí, nígbà mìíràn ní alẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú iṣẹ́. Ohun tí ọ̀pọ̀ ń ṣe ni pé wọ́n á wá ibi tí orúkọ wọn wà, wọ́n á há ọ̀rọ̀ ẹnu wọn sórí, wọ́n á sùn. Gbogbo rẹ̀ ni mo máa ń kà kí n tó wá ibi tí mo wà, torí ohun tí àwọn yòókù ń sọ nípa ẹni tí mo fẹ́ ṣe nígbà tí kò sí níbẹ̀ sábà máa ń pọ̀ ju ohun tí òun fúnra rẹ̀ sọ lọ. Bí ìyàwó bá sọ ní síìnì kejìlá pé bàbá òun kì í rẹ́rìn-ín, tí ẹ sì ti fi ẹ̀rín kèékèé ya síìnì ogún lánàá, ó ti bàjẹ́ nìyẹn.

Lẹ́yìn náà ni ìwé kékeré. Ojú ewé kan fún síìnì kọ̀ọ̀kan: nọ́ńbà rẹ̀ lókè, ọ̀sán àbí òru, ibi tí ẹni náà ti ń bọ̀, ohun tó fẹ́ gbà lọ́wọ́ ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀, ohun tó mọ̀ ní àsìkò yẹn àti ohun tí kò tíì mọ̀. Èyí tó kẹ́yìn yìí ló ṣe pàtàkì jù, nítorí a kì í ya fíìmù láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Gbogbo síìnì tó wà ní pálọ̀ kan ni wọ́n á yà pọ̀ kí wọ́n tó kó irinṣẹ́ kúrò níbẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí ẹ sunkún ikú ọmọ yín láàárọ̀, kí ẹ wá ṣe ìkómọ rẹ̀ lọ́sàn-án. Òṣèré tí kò kọ ọ́ sílẹ̀ á gbé ìbànújẹ́ òkú wá síbi ìkómọ, àwọn òǹwòran á sì rò pé ó ní nǹkan burúkú tó mọ̀ nípa ọmọ náà.

Ìwé eré mìíràn kò ní ọ̀rọ̀ ẹnu rárá. Ìtàn síìnì nìkan ló máa wà níbẹ̀ ní ìlà mẹ́rin tàbí márùn-ún, àwa la máa fi ẹnu wa kún un. Àṣà àtijọ́ ni, ó sì dùn, ṣùgbọ́n ó ní ìlànà. Kí kámẹ́rà tó bẹ̀rẹ̀, ẹ bá ẹnì kejì fohùn ṣọ̀kan lórí ohun tí òǹwòran gbọ́dọ̀ gbọ́ nínú síìnì yẹn, àti ọ̀rọ̀ tó máa kẹ́yìn lẹ́nu yín kí òun tó gbà á. Ẹ má ṣe dá orúkọ ìlú, iye ọmọ, tàbí ọdún sílẹ̀ fúnra yín. “Láti ọdún kẹwàá tí ìyá ẹ ti kú” lè ba ìtàn jẹ́ pátápátá bó bá jẹ́ pé ìyá náà ń bọ̀ ní apá kejì. Ní ti òwe, ọ̀kan tó fún síìnì kan. Mo mọ̀ pé àwọn kan ò ní gbà, ṣùgbọ́n ààfin tí olóyè mẹ́rin ti ń pòwe tẹ̀lé ara wọn kì í sún síwájú. Ẹdítọ̀, ẹni tó ń gé fíìmù tó sì ń tò ó pọ̀, á gé mẹ́ta nínú rẹ̀, ẹ ò sì mọ̀ bóyá tiyín wà lára wọn.

Nídìí kámẹ́rà ni ọ̀pọ̀ ti ń pàdánù ojú wọn láìmọ̀. Níbi tí kámẹ́rà bá ti jẹ́ ẹyọ kan, ìgbà mẹ́ta ó kéré tán ni ẹ máa ṣe síìnì èèyàn méjì. Wọ́n á kọ́kọ́ fẹ̀ ẹ́ kí gbogbo yàrá hàn. Wọ́n á wá sún mọ́ ojú olú òṣèré. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á yí iná padà láti ya ojú yín. Tiwa ló máa ń kẹ́yìn, nígbà tí oòrùn ti ń wọ̀ tí àwọn èèyàn sì ti ń béèrè oúnjẹ. Ẹni tó bá ti fi gbogbo omijé rẹ̀ sínú èyí tó fẹ̀, níbi tí ojú rẹ̀ kò tóbi ju èékánná lọ, kò ní nǹkan kan mọ́ nígbà tí kámẹ́rà bá dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Nínú èyí tó fẹ̀, ìrìn àti ọwọ́ ni kí ẹ mójú tó. Ẹ jẹ́ kí inú tutù díẹ̀.

Nígbà tí kámẹ́rà bá wà lójú olú òṣèré, ẹ̀yin lẹ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ kámẹ́rà tí ẹ ń bá a sọ̀rọ̀. Ẹ ṣe é tọkàntọkàn. Àwọn kan máa ń ka ọ̀rọ̀ wọn bí ẹni ń ka àkọlé, tàbí kí wọ́n máa wo fóònù. Olú òṣèré kì í gbàgbé, bó sì bá di ọjọ́ tí wọ́n ń bi í pé ta ni kí wọ́n pè fún ipa bàbá, ó mọ orúkọ tí kò ní dá.

Ọwọ́ tó gbé ife, ọ̀rọ̀ tó wà lẹ́nu nígbà tí ẹ gbé e, ìgbà tí ẹ sọ ọ́ kalẹ̀: gbogbo rẹ̀ gbọ́dọ̀ bára mu nínú yíyà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Bí kò bá bára mu, ẹdítọ̀ kò lè fò láti ibi tó fẹ̀ sí ojú yín. Ojú olú òṣèré ló máa dúró lé, ẹ̀yin á sì di ohùn lásán. Ìdí tí wọ́n fi ń gé ọ̀pọ̀ wa nìyí, kì í ṣe ọ̀tẹ̀ kankan. Nítorí náà, ẹ yan ohun díẹ̀ láti ṣe, kí ẹ so ọ̀kọ̀ọ̀kan mọ́ ọ̀rọ̀ kan pàtó. Mo gbé ife lórí “ọmọ mi,” mo sọ ọ́ kalẹ̀ lórí “kò ṣẹlẹ̀.” Bí ẹni tó ń mójú tó kọntinúítì, ìyẹn bí gbogbo nǹkan ṣe ń bára mu láti yíyà kan sí èkejì, bá wà, ẹ bi í, níbi tí owó kò tó láti gba irú ẹni bẹ́ẹ̀, ẹ̀yin fúnra yín ni kọntinúítì ara yín.

Síìnì oúnjẹ ló burú jù. Ìgbà mẹ́wàá lè wà tí wọ́n máa tún un yà, ẹni tó bá sì ti fi ebi bẹ̀rẹ̀ iyán á ti yó bámúbámú kí kámẹ́rà tó yí sí i. Òkèlè kékeré ni kí ẹ máa bù, kí ẹ máa jẹ ẹ́ nígbà tí ẹnì kejì ń sọ̀rọ̀, kí ẹnu ti ṣófo kó tó kan yín. Ẹ jẹ́ kí wọ́n fi oúnjẹ sí ẹ̀gbẹ́ láti fi kún àwo, torí àwo tó kún tó tún gbẹ tó tún kún jẹ́ àṣìṣe tí ọmọdé pàápàá ń rí lórí YouTube.

Bí ẹ bá ń wo ẹnì kejì, ojú rẹ̀ kan ṣoṣo ni kí ẹ wò, èyí tó sún mọ́ kámẹ́rà jù. Bí ẹ bá ń ti ojú ọ̀tún rẹ̀ bọ́ sí òsì, ẹyinjú yín á máa sáré síhìn-ín sọ́hùn-ún lójú kámẹ́rà, ẹ ó dà bí ẹni tó ń parọ́. Ẹ má ṣe gun orí ọ̀rọ̀ ẹnì kejì, àyàfi bí olùdarí bá ní kí ẹ gùn ún. Nígbà tí ọ̀rọ̀ bá tán lẹ́nu yín, ẹ má ṣe sọ ojú kalẹ̀, ẹ dúró sínú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú-àáyá méjì tàbí mẹ́ta títí wọ́n á fi ní “kọ́ọ̀tì,” ìyẹn ẹ dúró. Àyè tí ẹdítọ̀ fi ń mí nìyẹn.

Bí mo bá ní kí n yan ohun kan ṣoṣo tó ń sọ òṣèré kékeré di ẹni tí wọ́n ń wá, gbígbọ́ ọ̀rọ̀ ni. Ẹdítọ̀ nílò ojú tó ń gbọ́ ju ẹnu tó ń sọ lọ. Bó bá fẹ́ gé ìlà mẹ́ta kúrò nínú ọ̀rọ̀ gígùn olú òṣèré, ojú ẹlòmíràn ló máa gbé síbẹ̀ láti bo ojú ibi tó gé. Ẹni tó bá ń gbọ́ bí ẹni tí ọ̀rọ̀ náà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dé etí rẹ̀ ni wọ́n á lò. Ẹni tó ń dúró de ìgbà tó máa kàn án máa ń hàn: ètè rẹ̀ á ti máa mì díẹ̀díẹ̀ bó ṣe ń ka ọ̀rọ̀ tirẹ̀ sínú. Ẹ má sì máa mi orí ṣáá, ẹ má máa fi “hẹn-ẹn, bẹ́ẹ̀ ni” sábẹ́ ọ̀rọ̀ ẹnì kejì. Ní ilé, ọmọlúàbí ni ẹni tó ń dáni lóhùn bẹ́ẹ̀. Nínú máíkì, ó ń ba ohùn olú òṣèré jẹ́, kò sì ṣeé yọ kúrò.

Aṣọ wa pariwo ju bí a ṣe rò lọ. Gínì tí wọ́n lù dáadáa àti aṣọ òkè tuntun máa ń fi ara ha máíkì tí wọ́n fi sí àyà. Ẹ bẹ ẹni tó ń gba ohùn kó fi pílásítà lẹ̀ ẹ́ mọ́ síńgílẹ́ẹ̀tì lábẹ́, kí agbádá má ṣe kan orí rẹ̀, kí ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn sì gba ibòmíràn. Olóyè tó ń gbá àyà láti fi búra gbọ́dọ̀ wá ibòmíràn gbá. Itan dára.

Níbi tí owó kò pọ̀, àwa la máa ń gbé aṣọ wá. Àpótí òṣèré kékeré gbọ́dọ̀ ní ó kéré tán agbádá méjì tó yàtọ̀ síra, bùbá àti ṣòkòtò iṣẹ́ oko kan tó ti gbó, kóòtù kan fún ipa agbẹjọ́rò tàbí ọ̀gá iléeṣẹ́, fìlà mẹ́rin, bàtà ìgbàlódé àti sálúbàtà, àti gíláàsì ojú tí kò ní nǹkan kan nínú tó lè máa kọ mànà. Fún àwọn ìyá, ìró àti bùbá àńkárá ti ojoojúmọ́, léèsì kan fún òde, gèlè tí a ti wé sílẹ̀ tó ṣeé dé kíákíá, àti ìborùn. Ẹ yẹra fún aṣọ tó ní ìlà tín-ín-rín, torí ó máa ń gbọ̀n lójú kámẹ́rà. Funfun báláú tún máa ń gba gbogbo ìmọ́lẹ̀ mọ́ ojú lọ́wọ́, pàápàá lára aláwọ̀ dúdú. Aṣọ tí ẹ wọ̀ fún síìnì kan kò gbọdọ̀ lọ sílé fún fífọ̀ títí wọ́n á fi sọ pé síìnì yẹn ti parí.

Ilà ojú máa ń dà wá láàmú. Bí wọ́n bá fi pẹ́ńsù ya pélé tàbí àbàjà fún yín, òógùn á gbé e lọ, ẹni tó tún un yà á yà á sí ibòmíràn. Fóònù ni ìwòsàn rẹ̀: fọ́tò iwájú, ọ̀tún àti òsì, lójú iná kan náà, láràárọ̀. Ewú orí náà ńkọ́? Páúdà funfun tí ọ̀pọ̀ ń lò máa ń kúrò lára irun bọ́ sínú fìlà, nígbà tí ẹ bá sì ṣí fìlà níwájú ọba, eruku á sọ. Ọ̀dà ewú tí wọ́n ń fi búrọ́ọ̀ṣì eyín kùn, díẹ̀díẹ̀, láti ẹ̀bá etí wá, ló máa ń dúró. Bí ẹ bá sì ní irùngbọ̀n lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ẹ má fá a títí wọ́n á fi tú ká.

Ní ti ìwà tí ẹ bá fi kún ẹni tí ẹ ń ṣe, ọ̀kan tó. Ẹni tó ń tiro, tó ń wúkọ́, tó tún ń kọ́lọ̀lọ̀, kò sí ẹni tó máa gbà á gbọ́. Ẹ sì kọ ọ́ sílẹ̀, torí ẹsẹ̀ òsì tó ń tiro láàárọ̀ máa ń di ọ̀tún lálẹ́.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí babaláwo, nítorí ipa yìí ló pọ̀ jù fún àgbà ọkùnrin, òun náà ni a sì ń bà jẹ́ jù. Ọ̀pẹ̀lẹ̀ ní ojú mẹ́jọ, mẹ́rin lápá kan, mẹ́rin lápá kejì; àárín ni wọ́n ti ń mú un, ọwọ́ ọ̀tún ni wọ́n sì fi ń jù ú. Ikin, ìyẹn èkùrọ́ Ifá, jẹ́ mẹ́rìndínlógún. Bí babaláwo bá gbá a tí ó ku ẹyọ kan lọ́wọ́ rẹ̀, ó máa tẹ ìlà méjì sórí ìyẹ̀ròsùn; bí ó bá ku méjì, ó máa tẹ ẹyọ kan. Apá ọ̀tún ni wọ́n ti ń bẹ̀rẹ̀, ìgbà mẹ́jọ ni wọ́n sì máa tẹ̀ kí odù kan tó pé. Fíìmù kò ní sùúrù fún ìgbà mẹ́jọ, nítorí náà ẹ tẹ méje sílẹ̀ kí kámẹ́rà tó bẹ̀rẹ̀, kí ẹ wá tẹ èyí tó kẹ́yìn lójú òǹwòran. Ẹni tó mọ̀ á mọ̀ pé ẹ mọ̀. Ọpọ́n tó ṣófo tí èèyàn kàn ń fi ìka yí po yí po jẹ́ ẹ̀gàn sí àwọn tó nifá.

Ọfọ̀ náà ní ètò. Orúkọ nǹkan àti iṣẹ́ tí wọ́n fẹ́ kó ṣe máa ń jọ ara wọn nínú rẹ̀, ọ̀rọ̀ á máa gun orí ara wọn, títí yóò fi dé ibi tí a ti pàṣẹ. Ibi àṣẹ yẹn ni agbára wà. Ọ̀pọ̀ á fi igbe bẹ̀rẹ̀, èémí á wá tán nígbà tó bá ku ìlà méjì. Ẹ bẹ̀rẹ̀ nísàlẹ̀, ẹ mí ní ìparí ìlà kọ̀ọ̀kan, ẹ má mí láàárín gbólóhùn, ẹ tọ́jú ohùn de àṣẹ. Bí ẹ bá sì sáré sọ ọ́, ohùn ọ̀rọ̀ á dàrú, ọ̀rọ̀ tó yẹ kó jẹ́ orúkọ ewé á di nǹkan mìíràn. Ìjókòó nìkan lẹ lè fi kọ́ ọ, lẹ́sẹ̀ àgbàlagbà tó mọ̀ ọ́n.

Oyè náà nílò ìbéèrè. Ọ̀yọ́ Mèsì, ìyẹn àwọn ìjòyè Aláàfin, jẹ́ méje: Baṣọ̀run, Àgbàakin, Samù, Alápìíni, Lágùnnà, Akíníkú àti Aṣípa. Bí wọ́n bá ní ìtàn náà ṣẹlẹ̀ ní Ọ̀yọ́ àtijọ́, tí wọ́n wá pè yín ní Ọ̀túnba, oyè Ìjẹ̀bú ti wọ ààfin Aláàfin nìyẹn. Ẹ fi ọ̀wọ̀ sọ ọ́ fún olùdarí létí, ẹ má sọ ọ́ lójú gbogbo èèyàn. Láti ìgbà tí fíìmù Aníkúlápó ti jáde ní 2022, tí Jagun Jagun sì tẹ̀lé e ní 2023, iṣẹ́ olóyè, jagunjagun àti arúgbó ìlú ti pọ̀ sí i, àwọn tó ń náwó sí i sì máa ń fẹ́ ẹni tó mọ bí wọ́n ṣe ń wọ ààfin láì jẹ́ pé wọ́n ń kọ́ ọ níbẹ̀. Ẹni tó mọ Èkìtì, Ìjẹ̀bú tàbí Ẹ̀gbá sọ dáadáa yẹ kó sọ fún àwọn tó ń pín ipa. Ẹ̀ka èdè tí a kàn ń fi ẹnu yà lásán kì í jẹ́ kí wọ́n pe èèyàn lẹ́ẹ̀kejì.

Orúkọ ipa lè gbé orúkọ àbísọ mì. Ọ̀pọ̀ èèyàn mọ Fadeyi Olóró láìmọ Òjó Arówóṣafẹ́, wọ́n mọ Àgbákò láìmọ Charles Olúmọ, wọ́n mọ Ìyá Gbọ́nkán láìmọ Margaret Bándélé Ọláyínká. Ìbùkún ni, torí irú orúkọ bẹ́ẹ̀ ló ń jẹ́ kí fóònù dún. Ó sì lè ti ilẹ̀kùn mọ́ni: ẹni tí wọ́n ti mọ̀ sí àjẹ́, wọn kì í rántí rẹ̀ bí wọ́n bá ń wá ìyá olóògbé. Ohun tó ń ṣiṣẹ́ ni kí èèyàn má kọ irú ipa tó ń fún un lóúnjẹ, kó máa fi nǹkan kékeré yà á sọ́tọ̀ nínú rẹ̀, kó sì máa wá ipa kan tó yàtọ̀ pátápátá lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, ì báà jẹ́ nínú fíìmù àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí kò sówó, kó lè ní nǹkan tó máa fi han èèyàn.

Báwo ni iṣẹ́ ṣe ń dé? Nípasẹ̀ èèyàn ni. Ọ̀gá tó kọ́ni níṣẹ́, gírọ́ọ̀pù tí a ti gba fíríìdọ̀mù, TAMPAN, ìyẹn ẹgbẹ́ àwọn òṣèré àti àwọn tó ń ṣe fíìmù, ní ìpínlẹ̀ ẹni, àti àwọn P.M., ìyẹn àwọn tó ń ṣètò iṣẹ́ fíìmù, tó ní nọ́ńbà wa. Nínú tiwa, àáró ṣì wà: ẹ wá ṣe tèmi, èmi náà á wá ṣe tiyín. Ó dára láàárín àwọn tó ń ṣe fíìmù fúnra wọn. Òṣèré kékeré tí kò ní fíìmù tirẹ̀ kò ní ọjọ́ tí wọ́n máa san àáró padà fún un, nítorí náà owó ọkọ̀ àti oúnjẹ ni kó kéré jù tó máa gbà, kó sì mọ iye irú ìrànlọ́wọ́ bẹ́ẹ̀ tó lè ṣe lọ́dún. Fún àwọn tí kò mọ̀ yín, ẹ ya fídíò ìṣẹ́jú kan lójú oòrùn àárọ̀, láìsí orin, láìsí ohun tó ń sọ ojú di rẹ́múrẹ́mú: orúkọ, ìlú tí ẹ ń gbé, èdè tí ẹ gbọ́, ìṣe méjì tó yàtọ̀ síra. Ẹ má gba lókéṣàn méjì, ìyẹn ibi méjì tí wọ́n ti ń ya fíìmù, lọ́jọ́ kan náà. Ẹni tó ń sáré kúrò ní Ìkòròdú lọ sí Abẹ́òkúta ló máa ń fi síìnì sílẹ̀ láìparí, ọ̀rọ̀ yẹn sì máa ń dé etí P.M. tó kàn kó tó dé ibẹ̀.

Owó iṣẹ́ wa sábà máa ń jẹ́ ti odidi fíìmù. Kí ẹ tó gbà, ẹ béèrè: síìnì mélòó, ọjọ́ mélòó, bó bá wọ ọjọ́ kejì tí a kò sọ ńkọ́, ta ló ń gbé wa lọ tó ń gbé wa bọ̀, ibo la ó sùn bí a bá parí lóru, ṣé apá kan ni àbí apá kejì máa wà, ṣé wọ́n lè fi ojú mi sí ìpolówó nǹkan mìíràn. Ìdajì owó kí ẹ tó gbéra, ìyókù kí wọ́n tó ya síìnì yín tó kẹ́yìn. Lẹ́yìn “wọ́ọ̀pù,” ìyẹn ìgbà tí yíyà fíìmù bá parí, àwọn èèyàn máa ń nira láti rí. Bí kò bá sí ìwé àdéhùn, ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sórí WhatsApp kí ẹni náà fèsì pé “bẹ́ẹ̀ ni”. Ìyẹn sàn ju ọ̀rọ̀ ẹnu lọ fíìfíì. Òfin Copyright Act ti 2022 mọ̀ pé òṣèré ní ẹ̀tọ́ lórí eré tó fi ara rẹ̀ ṣe, ṣùgbọ́n ohun tí ẹ kọ sílẹ̀ ni ẹ máa fi bá èèyàn jiyàn.

Gbogbo wa la ti rí àwọn àgbà òṣèré tí wọ́n ń tọrọ owó ìtọ́jú lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Kò sí iléeṣẹ́ tó ń yọ owó ìfẹ̀yìntì pamọ́ fún wa, àfi kí a yọ ọ́ fúnra wa. Ní 2019 ni PenCom, àjọ ìjọba tó ń bójú tó owó ìfẹ̀yìntì, bẹ̀rẹ̀ ètò ìfẹ̀yìntì fún àwọn tó ń ṣiṣẹ́ ara wọn. Èèyàn lè san iye tó bá rí, nígbà tó bá rí i, èyí sì bá owó wa mu torí kì í wọlé lóṣooṣù. Àjọ dára fún aṣọ àti owó ilé, kò dára fún ogún ọdún sí i. Bí ẹ bá ń gbé ní Èkó, Ìlera Èkó, ètò ìlera adójútòfò ìpínlẹ̀ náà, wà fún ìtọ́jú. Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru ẹni gbọ́dọ̀ wà nínú àpótí iṣẹ́, nítorí iṣẹ́ òru àti ìrẹsì ọ̀sán tó dé ní ìrọ̀lẹ́ kì í wo ọjọ́ orí.

Nígbà tí fíìmù bá jáde, ẹ jókòó wò ó lẹ́ẹ̀mejì. Lẹ́ẹ̀kejì, ẹ dá ohùn dúró, ẹ wo ibi tí ẹdítọ̀ ti kúrò lójú yín àti ohun tí ẹ ń ṣe nígbà náà. Ẹ ó rí i: orí tí ẹ mì, ife tí kò bára mu, ojú tí ẹ tètè sọ kalẹ̀. Ibi tó bá dúró lójú yín pẹ́ jù ni ohun tí ẹ ṣe dáadáa. Ẹ bẹ P.M. tàbí ẹdítọ̀ fún síìnì yẹn gan-an lásìkò, kí wọ́n tó pa fáìlì rẹ́ láti fi dírááìfù ṣe fíìmù mìíràn, torí òun lẹ máa fi ránṣẹ́ sí olùdarí tó kàn.